Òfin àpapọ̀ ní 65, ìpínlẹ̀ ní 60: ọ̀nà wo ni olùkọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì lè gbà pe ẹjọ́?

Tìṣà_Kọ́lẹ́ẹ̀jì béèrè:

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin àgbà inú ilé yìí. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá wa tan ìmọ́lẹ̀ sí ọ̀rọ̀ kan tó ń dá awuyewuye sílẹ̀ láàárín àwọn olùkọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì ẹ̀kọ́ṣẹ́ olùkọ́ni tí ìjọba ìpínlẹ̀ dá sílẹ̀.

Lọ́dún 2012, aṣòfin àpapọ̀ ṣòfin pé ọmọ ọdún 65 ni òṣìṣẹ́ ilé-ẹ̀kọ́ gbogboǹṣe àti ti kọ́lẹ́ẹ̀jì ẹ̀kọ́ṣẹ́ olùkọ́ni yóò máa fẹ̀yìn tì, àti pé òfin tó ń lé èèyàn lọ sílé lẹ́yìn ọdún 35 lẹ́nu iṣẹ́ kò kàn wọ́n mọ́. Síbẹ̀, àwọn ìpínlẹ̀ kan wà tí wọn ò yẹsẹ̀ kúrò lórí ọmọ ọdún 60 tàbí ọdún 35 lẹ́nu iṣẹ́, èyí tó bá ṣáájú.

Ká ní olùkọ́ kan yóò pé 60 ní oṣù mẹ́fà sí àkókò yìí, Rẹ́jísítírà sì ti kọ̀wé sí i pé kó máa palẹ̀ mọ́. Ṣé òfin 2012 de ìpínlẹ̀ àbí kò dè é? Ilé ẹjọ́ wo ni yóò gbà lọ, àwọn ìwé wo ni yóò sì kó dání? Tó bá ti gba owó ìfẹ̀yìntì ńkọ́? Àwọn kan tún ń sọ pé òfin àwọn tìṣà ti 2022 ti yanjú gbogbo ẹ̀. Ṣé òótọ́ ni?

---

Abala_Kẹrin fèsì:

Ẹ kú ìbéèrè. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ yọ òfin 2022 sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Èyí tí Ààrẹ Buhari fọwọ́ sí ní oṣù kẹrin 2022 ní kí tìṣà fẹ̀yìn tì ní ọmọ ọdún 65 tàbí lẹ́yìn ọdún 40 lẹ́nu iṣẹ́, èyí tó bá ṣáájú. Ọ̀rọ̀ àwọn tìṣà alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ àti girama ló bí i. Olùkọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì tó bá gbé e lọ síwájú adájọ́ ń fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ara rẹ̀ ni, torí ẹni tó wọṣẹ́ ní ọmọ ọdún 22 yóò pé ọdún 40 lẹ́nu iṣẹ́ ní 62, kò ní dé 65 rárá. Òfin 2012 dárúkọ kọ́lẹ́ẹ̀jì ẹ̀kọ́ṣẹ́ olùkọ́ni, kò sì fi iye ọdún lẹ́nu iṣẹ́ dí ẹnikẹ́ni lọ́nà. Òun ni kó dì mú.

Ó wá ku bóyá òfin 2012 de ìpínlẹ̀. Ibẹ̀ gan-an ni ìjà wà, ẹni tó bá sì fi ẹnu kan ṣoṣo dáhùn "bẹ́ẹ̀ ni" tàbí "rárá" kò tíì ka ìwé òfin 1999 débi tó yẹ.

Nínú ìwé òfin náà, ẹ ṣí àkójọ àwọn ohun tí Àbújá àti ìpínlẹ̀ jọ láṣẹ lé lórí. Nọ́ńbà 27 fún aṣòfin àpapọ̀ lágbára lórí ẹ̀kọ́ yunifásítì, ẹ̀kọ́ ìmọ̀ ẹ̀rọ, àti irú ẹ̀kọ́ iṣẹ́ àkọ́mọ̀ọ́ṣe tí àwọn fúnra wọn bá yàn. Nọ́ńbà 30 wá sọ pé kò sí èyí tó dín agbára aṣòfin ìpínlẹ̀ kù lórí ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ọwọ́, girama, alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ àti irú ẹ̀kọ́ mìíràn.

Ẹ wo bí yunifásítì, gbogboǹṣe àti kọ́lẹ́ẹ̀jì ṣe tò. Ọ̀jọ̀gbọ́n ní yunifásítì ìpínlẹ̀ tó ń bèèrè 70, lábẹ́ àtúnṣe 2012 tí wọ́n ṣe sí òfin yunifásítì ti 1993, rí orúkọ yunifásítì kà gbangba nínú nọ́ńbà 27. Òṣìṣẹ́ gbogboǹṣe lè rọ̀ mọ́ "ìmọ̀ ẹ̀rọ". Kọ́lẹ́ẹ̀jì ẹ̀kọ́ṣẹ́ olùkọ́ni ni ilẹ̀ ti yọ̀ jù: ìpínlẹ̀ yóò ní "ẹ̀kọ́ mìíràn" tó wà ní nọ́ńbà 30 ni, olùkọ́ yóò sì dáhùn pé iṣẹ́ àkọ́mọ̀ọ́ṣe ni iṣẹ́ olùkọ́, pé òfin 2012 fúnra rẹ̀ fi hàn pé aṣòfin àpapọ̀ ti yàn án.

Olùkọ́ tún ní ibi méjì tó lè gbára lé, méjèèjì wà nínú àkójọ tí ìjọba àpapọ̀ nìkan láṣẹ lé. Nọ́ńbà 34 ni ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́ àti ipò tí wọ́n ń ṣiṣẹ́ sí. Nọ́ńbà 60(e) ni ìlànà tó kéré jù fún ẹ̀kọ́ ní gbogbo ipele. Lọ́yà ìpínlẹ̀ náà kò ní dákẹ́. Yóò tọ́ka sí nọ́ńbà 44 nínú àkójọ kan náà, tó fi owó ìfẹ̀yìntì tí ìjọba àpapọ̀ láṣẹ lé mọ sí èyí tó ń ti àpò ìjọba àpapọ̀ wá. Yóò tún tọ́ka sí abala 318 tó ka òṣìṣẹ́ ilé-ẹ̀kọ́ tí ìpínlẹ̀ dá sílẹ̀ tàbí tí owó ìpínlẹ̀ ń gbọ́ bùkátà rẹ̀ jù mọ́ òṣìṣẹ́ ìjọba ìpínlẹ̀. Yóò ní ta ni yóò máa san owó oṣù ọdún márùn-ún tí Àbújá fi kún un? Ìbéèrè yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ òfin lásán, adájọ́ sì máa ń gbọ́ ọ.

Abala 4(5) ni gbogbo èèyàn máa ń sáré kà: bí òfin ìpínlẹ̀ bá tako ti aṣòfin àpapọ̀, ti àpapọ̀ ló borí. Ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ti sọ̀rọ̀ lórí ẹ̀ láti ìgbà ẹjọ́ ìpínlẹ̀ Ògùn àti ìjọba àpapọ̀ ní 1982, pé bí òfin àpapọ̀ bá ti gba gbogbo ààyè ọ̀rọ̀ kan, òfin ìpínlẹ̀ lórí ọ̀rọ̀ yẹn á yẹ̀bá fún un. Àmọ́ aṣòfin àpapọ̀ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ ní agbára lórí ọ̀rọ̀ náà. Lọ́yà tó bá bẹ̀rẹ̀ láti 4(5) láì tíì fi ẹsẹ̀ nọ́ńbà 27 tàbí 34 múlẹ̀ ti kọ́lé láti orí òrùlé.

Èrò tèmi ni pé kí olùkọ́ má fi ìwé òfin orílẹ̀-èdè ṣe igi àkọ́kọ́. Kó kọ́kọ́ wá òfin tó dá kọ́lẹ́ẹ̀jì rẹ̀ sílẹ̀, kó ka ibi tó sọ̀rọ̀ ìfẹ̀yìntì. Lẹ́yìn náà, ìwé ìlànà iṣẹ́ tí ìgbìmọ̀ alákòóso fọwọ́ sí. Ìwé ìlànà míì kọ 65 sínú ara rẹ̀, òmíràn ní ohun tí wọ́n bá ń lò ní kọ́lẹ́ẹ̀jì ìjọba àpapọ̀ ni àwọn náà yóò lò. Bí ó bá rí irú gbólóhùn yìí nínú ìwé tó ní òfin lẹ́yìn, ọ̀rọ̀ ti kúrò ní ìjà Àbújá àti ìpínlẹ̀. Ó ti di pé kọ́lẹ́ẹ̀jì rú òfin ara rẹ̀, ẹjọ́ Olaniyan àti Yunifásítì Èkó, 1985, sì ti wà níbẹ̀: ẹni tí òfin gbà síṣẹ́, ọ̀nà tí òfin là sílẹ̀ nìkan ni wọ́n lè gbà dá a dúró. Lẹ́tà sákúlà láti ọ́fíìsì olórí òṣìṣẹ́ ìjọba kò lágbára tó láti pa òfin kọ́lẹ́ẹ̀jì rẹ́.

Ohun kẹta tó yẹ kó wá ni bóyá aṣòfin ìpínlẹ̀ ti sọ 65 di òfin tiwọn. Ìkéde gómìnà níbi ayẹyẹ ọjọ́ àwọn olùkọ́ kì í ṣe òfin o. Kó wá ìwé ìròyìn ìjọba (gazette) tí wọ́n tẹ̀ ẹ́ sí.

---

Rẹ́jísítírì_Olóòótọ́ fèsì:

Abala_Kẹrin ti sọ ọ̀rọ̀ òfin tán, ẹ jẹ́ kí n mú ti ìwé. Ọ̀pọ̀ ẹjọ́ irú èyí kì í kú sórí òfin, orí ìwé ni wọ́n ń kú sí.

Ilé ẹjọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ òṣìṣẹ́ (National Industrial Court) nìkan ló láṣẹ, abala 254C ló sọ bẹ́ẹ̀ láti ìgbà àtúnṣe kẹta sí ìwé òfin. Wọ́n ní ẹ̀ka ní Ìbàdàn àti Àkúrẹ́, àti ní Èkó. Ẹni tó bá gbé e lọ sí ilé ẹjọ́ gíga ìpínlẹ̀, wọ́n lè darí rẹ̀ lọ síbi tó yẹ, ṣùgbọ́n oṣù tó bá fi ṣòfò ń jẹ nínú ọjọ́ orí rẹ̀.

Ọ̀nà méjì ló wà láti bẹ̀rẹ̀. Bí kò bá sí àríyànjiyàn lórí ohun tó ṣẹlẹ̀, tó jẹ́ ìtumọ̀ òfin nìkan ni wọ́n fẹ́, lọ́yà lè lo ìwé ìpẹ̀jọ́ oníbéèrè, tó ń to ìbéèrè sílẹ̀ fún adájọ́, pẹ̀lú ìwé ìbúra àti àlàyé òfin. Ó yá ju èkejì lọ. Ṣùgbọ́n bí kọ́lẹ́ẹ̀jì bá lè jiyàn ohun kan péré, pàápàá ọjọ́ ìbí, ọ̀nà yìí máa ń dàrú mọ́ọ̀yàn lọ́wọ́: adájọ́ lè ní kí wọ́n padà lọ kọ ọ́ bó ṣe yẹ. Bí ọjọ́ ìbí bá ní àbùkù kankan nínú fáìlì, kó gba ọ̀nà kejì tààrà: ìwé ẹ̀sùn, àlàyé ohun tó ṣẹlẹ̀, orúkọ àwọn ẹlẹ́rìí, ọ̀rọ̀ ẹlẹ́rìí tí wọ́n búra sí, àti àwọn ìwé ẹ̀rí. Gbogbo wọn ni wọ́n jọ ń wọlé lọ́jọ́ kan náà.

Lórí ọjọ́ ìbí, kó má dán an wò láti yí i padà. Èyí tó kọ sílẹ̀ lọ́jọ́ tó gbaṣẹ́ ni ìjọba yóò mú. Ìwé ìbúra tuntun tó ṣàdédé sọ ọ́ di ọmọdé nígbà tí ìfẹ̀yìntì ku oṣù díẹ̀ yóò ba ẹjọ́ tó dára jẹ́, torí adájọ́ ò ní gba ìyókù ọ̀rọ̀ rẹ̀ gbọ́ mọ́.

Àwọn ìwé tí mo mọ̀ pé wọ́n máa bèèrè: lẹ́tà ìgbanisíṣẹ́, lẹ́tà tó sọ iṣẹ́ di ti gidi, lẹ́tà ìgbéga tó gbẹ̀yìn, ìwé ìlànà iṣẹ́, òfin kọ́lẹ́ẹ̀jì, lẹ́tà ìfẹ̀yìntì tí Rẹ́jísítírà kọ, ìwé ọjọ́ ìbí tó wà nínú fáìlì, àti ìwé owó oṣù. Sákúlà, àkọsílẹ̀ ìpàdé ìgbìmọ̀ alákòóso àti irú ìwé ìjọba bẹ́ẹ̀ kò gbọdọ̀ jẹ́ fótókọ́pì lásán. Abala 104 òfin ẹ̀rí 2011 ní kí ó sanwó, kí òṣìṣẹ́ tó ń tọ́jú rẹ̀ fọwọ́ sí i pé ẹ̀dà tòótọ́ ni, kó kọ orúkọ, ipò àti ọjọ́ sí i. Mélòó mélòó nínú àwọn sákúlà tí wọ́n ń pín lórí WhatsApp ni kò ní ọjọ́, tí kò ní nọ́ńbà! Adájọ́ yóò kàn jù ú sẹ́gbẹ̀ẹ́ ni. Kó kọ̀wé bèèrè ẹ̀dà wọ̀nyí nísinsin yìí tó ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́. Tó bá ti kúrò tán, ìwé tí wọ́n ń fún un ní ọjọ́ méjì yóò di ti oṣù méjì.

Ẹni tí yóò pè lẹ́jọ́: kọ́lẹ́ẹ̀jì, ìgbìmọ̀ alákòóso rẹ̀, àti kọmíṣọ́nnà ètò ìdájọ́ ìpínlẹ̀. Kò sídìí láti pe Rẹ́jísítírà ní orúkọ ara rẹ̀, iṣẹ́ tí wọ́n rán an ló jẹ́.

Ìkìlọ̀ méjì lórí àkókò. Òfin kọ́lẹ́ẹ̀jì míì ní kí ó fún wọn ní ìwé ìkìlọ̀ kó tó pẹjọ́, bóyá oṣù kan, bóyá mẹ́ta. Ẹni tó bá fò ó, wọ́n á dá ẹjọ́ rẹ̀ dúró kíákíá. Èkejì ni òfin tó ń dáàbò bo òṣìṣẹ́ ìjọba, tó ní kí èèyàn pẹjọ́ láàárín oṣù mẹ́ta. Ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ sọ nínú ẹjọ́ àjọ tó ń pín owó orílẹ̀-èdè àti Johnson, pé òfin oṣù mẹ́ta yìí kò kan àdéhùn iṣẹ́. Ìròyìn ayọ̀ ni, ṣùgbọ́n lọ́yà ìjọba ṣì máa ń gbé e dìde. Kó kúkú pẹjọ́ kí oṣù mẹ́ta tó pé, kó má bàa jìjà lórí ẹ̀ rárá.

Ní ti oṣù mẹ́fà tí ẹ dárúkọ yẹn, ìwé ìkìlọ̀ ni kó kọ́kọ́ fi ránṣẹ́, lọ́sẹ̀ yìí tó bá ṣeé ṣe. Bí òfin kọ́lẹ́ẹ̀jì bá bèèrè oṣù mẹ́ta, yóò ṣẹ́ ku oṣù mẹ́ta tó lè fi pẹjọ́, kó sì bèèrè àṣẹ tí ilé ẹjọ́ yóò fi dá ìfẹ̀yìntì náà dúró kí ọjọ́ tó pé. Ilé ẹjọ́ kì í dá ohun tó ti ṣẹlẹ̀ tán dúró. Ẹni tó ti dá kọ́kọ́rọ́ ọ́fíìsì padà, tí wọ́n ti yọ orúkọ rẹ̀ kúrò nínú owó oṣù, ìdájọ́ ìkẹyìn nìkan ló lè dúró dè.

---

Owó_Àgbà fèsì:

Ẹ ò tíì dáhùn ti owó, ibẹ̀ sì ni ẹsẹ̀ ọ̀pọ̀ ti ń yọ̀.

Bí olùkọ́ bá fọwọ́ sí fọ́ọ̀mù ilé-iṣẹ́ tó ń tọ́jú owó ìfẹ̀yìntì pé òun ti fẹ̀yìn tì, tó sì gba owó gọbọi, lọ́yà ìjọba yóò gbé fọ́ọ̀mù yẹn síwájú adájọ́ pé ó gbà fúnra rẹ̀. Kì í ṣe gbogbo ìgbà ni ìyẹn ń pa ẹjọ́, pàápàá fún ẹni tí òfin gbà síṣẹ́, ṣùgbọ́n ó ń fún wọn ní ẹnu ọ̀rọ̀. Bí ebi bá fẹ́ pa á, tí kò sí ọ̀nà míì, kó kọ lẹ́tà ṣáájú pé láì pa ẹ̀tọ́ òun lára lòun fi gba owó náà, kó sì mú ẹ̀dà tí wọ́n fi òǹtẹ̀ gbà.

Òdìkejì rẹ̀ tún wà. Ẹni tó kọ̀ tí kò lọ, tó ń ṣiṣẹ́ lọ lẹ́yìn ọjọ́ tí wọ́n dá fún un, tí owó oṣù ṣì ń wọlé nítorí pé ẹnìkan ò tíì yọ orúkọ rẹ̀, kó má rò pé òun ti jẹ ẹ́. Bí ó bá pàdánù ẹjọ́, wọ́n á ka oṣù wọ̀nyẹn sí àṣerégèé, wọ́n á sì yọ ọ́ nínú owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀. Kó ya owó yẹn sọ́tọ̀.

Kó tún wo bóyá wọ́n ń dá owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀ lóṣooṣù. Lábẹ́ òfin 2014, ìdá mẹ́jọ nínú ọgọ́rùn-ún ni òṣìṣẹ́ ń dá, agbanisíṣẹ́ ń dá mẹ́wàá, ó kéré tán. Níbi tí ìpínlẹ̀ kò ti gbé ètò yìí kalẹ̀, gírátúítì àtijọ́ ni, iye ọdún àti owó oṣù tó gbẹ̀yìn ni wọ́n sì fi ń ṣírò rẹ̀. Ọdún márùn-ún sí i yí ìṣirò yẹn padà gidigidi. Kó ṣe ìṣirò méjèèjì kó tó náwó fún lọ́yà. Àwọn kan wà tí 60 sàn fún jù.

---

Tìṣà_Kọ́lẹ́ẹ̀jì:

Ẹ ṣé gan-an, Ọlọ́run á máa ràn yín lọ́wọ́. Ìbéèrè méjì ló kù. Bí aṣòfin ìpínlẹ̀ bá wá gba 65 lọ́dún tó ń bọ̀, ṣé àwọn tó ti lọ sílé ní 60 lè padà? Àwọn olùkọ́ kékeré tún ń sọ pé àwọn náà á pẹjọ́ láti dí 65 lọ́nà, pé àwọn àgbà ń dí ìgbéga àwọn. Ṣé ìyẹn lè dúró?

---

Abala_Kẹrin fèsì:

Ti àkọ́kọ́: rárá, àfi bí òfin tuntun náà bá fẹnu ara rẹ̀ sọ pé ó bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ kan sẹ́yìn. Ilé ẹjọ́ kì í fi ìtumọ̀ fa òfin sẹ́yìn. Àríyànjiyàn tó máa ń wà ni ti ẹni tó gba lẹ́tà ṣùgbọ́n tí ọjọ́ ìfẹ̀yìntì rẹ̀ kò tíì pé nígbà tí òfin wọlé. Ẹni yẹn ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́, kó fi lẹ́tà Rẹ́jísítírà àti ọjọ́ tí òfin bẹ̀rẹ̀ síṣẹ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, kó kọ̀wé lọ́jọ́ kejì.

Ti àwọn olùkọ́ kékeré: wọ́n á kọ́kọ́ kọsẹ̀ lára ìbéèrè "kí ló kàn yín níbẹ̀?" Láti ìgbà ẹjọ́ Sẹ́nétọ̀ Abraham Adesanya àti Ààrẹ, 1981, ilé ẹjọ́ ti ní kí olùpẹjọ́ fi hàn pé ẹ̀tọ́ tòun gan-an ni wọ́n tẹ̀ lójú. Ìgbéga kì í ṣe ẹ̀tọ́ tí ààyè rẹ̀ ti dá sílẹ̀ fún ẹnìkan. Ìrètí ni. Ẹjọ́ wọn kò ní pẹ́ nílẹ̀.

---

Ìlú_Míì fèsì:

Ẹ jẹ́ kí n fi èyí kún un, torí àwa nìkan kọ́ ni irú ẹjọ́ yìí ń ṣe. Ní Íńdíà, àjọ University Grants Commission fi 65 sínú ìlànà rẹ̀ fún àwọn olùkọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì àti yunifásítì, ìjọba àpapọ̀ ibẹ̀ sì ṣèlérí láti gbé ìdá 80 nínú ọgọ́rùn-ún àfikún owó oṣù tuntun fún ìpínlẹ̀ tó bá gba gbogbo ètò náà pọ̀, 65 pẹ̀lú. Àwọn ìpínlẹ̀ kan ò gbà. Ní 2013, nínú ẹjọ́ Jagdish Prasad Sharma àti ìpínlẹ̀ Bihar, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ níbẹ̀ ní ìpínlẹ̀ lómìnira láti gbà tàbí láti kọ̀. Kì í ṣe àṣẹ fún adájọ́ ilẹ̀ wa, ṣùgbọ́n lọ́yà ìjọba tó bá mọ iṣẹ́ rẹ̀ yóò mú un wá. Ìyàtọ̀ tí lọ́yà olùkọ́ yóò fi dáhùn ni pé ìlànà àjọ ni tiwọn, òfin tí aṣòfin àpapọ̀ ṣe ni tiwa.

---

Rẹ́jísítírì_Olóòótọ́ fèsì:

Ohun kan tí mo gbàgbé. Ẹjọ́ yìí lè pẹ́ ju ọdún márùn-ún tí wọ́n ń jà lé lórí lọ. Ẹni tó bá fẹ́ pẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn lẹ́yìn ìdájọ́ yóò gba ìyọ̀ǹda kọ́kọ́, àyàfi tó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn. Lábẹ́ abala 243(4), ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn sì ni ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ parí sí, kò tún lọ sí ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ. Bí olùkọ́ bá pé 65 kí ìdájọ́ tó jáde, adájọ́ ò lè dá a padà sẹ́nu iṣẹ́ mọ́. Nítorí náà, kí lọ́yà má bèèrè ìdápadà nìkan láti ìbẹ̀rẹ̀. Kó fi owó oṣù gbogbo àkókò náà kún un, títí dé oṣù 60, kó kọ iye oṣù kọ̀ọ̀kan sílẹ̀ gedegbe, kó so ìwé owó oṣù mọ́ ọn. Bí ó bá kàn kọ "owó oṣù mi tó kù", tí kò dárúkọ iye, adájọ́ lè dá a láre kó má sì fún un ní kọ́bọ̀.